Ìkéde Lórí Igbó Ọba: Ta Ní Ń Kà Á?

Ọ̀rọ̀ tí Alukoro ẹgbẹ́ bá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ àti àlejò sọ níbi ayẹyẹ ọdún kẹwàá, Alápẹ̀rẹ̀, Kétu, Èkó

  Nígbà tí a dá ẹgbẹ́ yìí sílẹ̀, àwọn kan ní kò ní tó ọdún méjì tí a ó fi tú ká lórí ọ̀rọ̀ owó àti ipò. Ọlọ́run kò jẹ́ kí ọ̀rọ̀ wọn ṣẹ. Àwọn ọ̀gbà wa tó ti ṣíwájú wa lọ, kí Ọlọ́run tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere.

Nígbà tí Ààrẹ ní kí n wá sọ̀rọ̀, mo mọ̀ pé àwọn kan nínú yín á ti rò pé bí mo ṣe jẹ́ òṣìṣẹ́ báǹkì, ọ̀rọ̀ ẹ̀yáwó tàbí ti náírà ni mo máa sọ. Ẹ má bínú. Ọ̀rọ̀ igbó ni mo gbé wá, àti ọ̀rọ̀ ìkéde. Iṣẹ́ alukoro ni kí ó máa kéde, ṣùgbọ́n iṣẹ́ yìí ti kọ́ mi pé ohun tí a kéde lọ́tọ̀, ohun tí etí gbọ́ lọ́tọ̀. Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n. Màá kọ ìkéde ìpàdé sórí WhatsApp ní ọjọ́ Ajé, tó bá di àárọ̀ ọjọ́ Àìkú, ẹnìkan á pè mí pé, "Alukoro, ṣé a ní ìpàdé lónìí ni?"

Ìyẹn kò pa ẹnikẹ́ni lára. Ẹni tó bá pẹ́ á san owó ìtanràn, a ó sì jọ rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n irú ìkéde mìíràn wà tó jẹ́ pé ẹni tí kò bá gbọ́ ọ, ilẹ̀ bàbá rẹ̀ ni yóò fi san ìtanràn. Òun ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí.

GÁSẸ́Ẹ̀TÌ TÍ A MỌ̀ ÀTI ÈYÍ TÍ A KÒ BÉÈRÈ

Ní Èkó yìí, tọmọdé tàgbà ló mọ gásẹ́ẹ̀tì. Ẹni tó bá fẹ́ ra ilẹ̀, ìbéèrè tó kọ́kọ́ máa bi onílẹ̀ ni pé, "Ṣé ó ní gásẹ́ẹ̀tì?" A mọ̀ pé ilẹ̀ tí ìjọba ti gbà sílẹ̀, tí wọn kò tíì yọ̀ǹda rẹ̀ padà fún abúlé tó ni ín, wàhálà ni. Àwa tó wà ní báǹkì pàápàá kì í fi ojú lásán wo ìwé ilẹ̀ tí oníbàárà bá gbé wá láti fi dúró fún ẹ̀yáwó. A ó rán ènìyàn lọ sí Aláùsá, kí ó lọ yẹ àkọsílẹ̀ wò. Nítorí plọ́ọ̀tì kan ṣoṣo la ṣe ń ṣe gbogbo èyí. Ṣùgbọ́n igbó ọba tó fẹ̀ ju gbogbo Kòsọ́fẹ́ lọ, tó jẹ́ ti gbogbo wa, ta ni nínú wa tó ti béèrè gásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ rí?

Igbó ọba tí mò ń wí yìí ni àwọn ará oko ń pè ní rìsáàfù. Ìwé ló dá a sílẹ̀. Igbó ọba Olókèméjì, tó wà láàárín Ìbàdàn àti Abẹ́òkúta, ti di igbó ìjọba láti ọdún 1899. Igbó Omo ní Ìpínlẹ̀ Ògùn di tìjọba pátápátá ní 1925. Ó fẹ̀ tó 1,305 kìlómítà níbùú lóròó, erin ṣì wà nínú rẹ̀, àjọ UNESCO sì kà á mọ́ àwọn igbó pàtàkì àgbáyé ní 1977. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó ní ògiri yíká. Ohun tó mọ ọgbà yí wọn ká ni ọ̀rọ̀ tí ìjọba kọ sínú gásẹ́ẹ̀tì. Òfin igbó tí a jogún láti ayé òyìnbó ní kí ìjọba tó bá fẹ́ sọ ilẹ̀ di igbó ọba kọ́kọ́ kéde rẹ̀, kí ó sì rán òṣìṣẹ́ jáde láti gbọ́ ẹjọ́ ẹni tó bá ní ẹ̀tọ́ níbẹ̀: ẹni tó ń dáko, ẹni tó ń ṣọdẹ, ẹni tó ń já ewé. Nígbà tí ìjọba bá sì fẹ́ yọ apá kan kúrò nínú rẹ̀, inú gásẹ́ẹ̀tì kan náà ni wọ́n ń kọ ọ́ sí. Ìwé ló mú un wá, ìwé náà ló lè mú un lọ. Ẹni tí kò ka ìwé náà, ariwo ẹ̀rọ tí ń gé igi ni yóò kọ́kọ́ gbọ́.

KÍ LÓ KAN ALÁPẸ̀RẸ̀?

Mo mọ̀ pé ẹnìkan ti ń sọ sí ẹnìkejì rẹ̀ létí pé, "Kí ló kan àwa ará Alápẹ̀rẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ igbó?" Ó kàn wá gbọ̀ngbọ̀n. Odò Ògùn tó gba Olókèméjì kọjá, tó gba Abẹ́òkúta, òun kan náà ló ń wọ ọ̀sà níbí, lọ́wọ́ Àgbòyí. Ẹ rántí oṣù Ọ̀wàrà ọdún 2010, nígbà tí òjò pọ̀, tí dáàmù Ọ̀yán ṣí omi sílẹ̀, tí odò kún dé Mile 12 àti Ajégúnlẹ̀, tí àwọn ènìyàn ń fi ọkọ̀ ojú omi wọ ilé ara wọn.

N kò sọ pé igi gígé nìkan ló fa omi yẹn. Òjò wà níbẹ̀, dáàmù wà níbẹ̀, ilé tí a kọ́ sójú ọ̀nà omi náà wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n àgbẹ̀ tí kò ka ìwé rí mọ̀ pé ilẹ̀ tó ní igbó lórí máa ń mu omi òjò díẹ̀díẹ̀, pé ilẹ̀ tó pá máa ń ti omi àti iyanrìn sínú odò lẹ́ẹ̀kan náà. Tí iyanrìn bá kún ìsàlẹ̀ odò, níbo ni omi fẹ́ gbà? Ojúlé wa ni.

Lẹ́yìn ìyẹn, púpọ̀ nínú wa ni kì í ṣe ọmọ Alápẹ̀rẹ̀ láti ilẹ̀ wá. A wá láti Ìjẹ̀bú, láti Oǹdó, láti Òkè Ògùn, láti Ẹ̀gbá. Oko bàbá ẹlòmíràn nínú wa kan ààlà igbó ọba títí di òní yìí.

OHUN TÓ ṢẸLẸ̀ SÍ WA

Ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi. Àbúrò bàbá mi, tí gbogbo ìdílé ń pè ní Bàbá Oko, ní oko obì àti kòkó lẹ́gbẹ̀ẹ́ igbó ọba kan. Bàbá rẹ̀ ló gbin obì náà. Ní ọdún kan, ọ́fíìsì ìjọba kan kéde pé àwọn máa yọ apá kan lára igbó yẹn, pẹ̀lú àwọn oko tó kàn án, fún iṣẹ́ kan, pé kí ẹni tó bá ní ohun ọ̀gbìn níbẹ̀ wá forúkọ sílẹ̀ kí ọjọ́ tí wọ́n dá tó pé. Wọ́n lẹ ìwé náà mọ́ ilẹ̀kùn ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ abúlé. Àsìkò ìsinmi ni, kò sí tíṣà nílé. Èdè òyìnbó ni wọ́n fi kọ ọ́. Bàbá Oko gba ibẹ̀ kọjá nígbà mélòó kan; ó ní òun rò pé ìwé àwọn olóṣèlú ni. Òjò rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ìwé náà já bọ́.

Wọ́n tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé ìròyìn pẹ̀lú. Ibẹ̀ ló ti dùn mí jù, nítorí pé ọ́fíìsì tí mo wà nígbà náà ń ra ìwé ìròyìn yẹn lójoojúmọ́. Orí tábìlì mi ló wà ní àárọ̀ ọjọ́ náà. Mo ka ojú ewé ọ̀rọ̀ owó, mo ka ti bọ́ọ̀lù, mo sì gbé e fún mẹ́séńjà. Ìkéde náà wà lẹ́yìn, láàárín ìkéde ẹni tó yí orúkọ padà àti ti ẹni tí ìwé ilẹ̀ rẹ̀ sọnù.

Ìgbà tí katapílà wọ oko ni Bàbá Oko tó pè mí. Mo wá ìwé ìròyìn náà kiri títí mo fi rí i ní ilé ìkàwé kan. Ọjọ́ tí wọ́n dá ti kọjá ní oṣù méjì. Àwọn tó forúkọ sílẹ̀ gba owó ohun ọ̀gbìn wọn. Tiwa kò sí nínú ìwé. Bàbá Oko kò bá mi jà. Gbogbo ohun tó sọ kò ju pé, "Ìwọ tí a rán lọ kàwé." Ó ti di olóògbé báyìí, ọ̀rọ̀ yẹn ṣì wà létí mi.

IBI TÍ WỌ́N TI KÀ Á

Ẹ jẹ́ kí n wá mú yín lọ sí ibi tí wọ́n ti tètè kà á. Ní Ìpínlẹ̀ Cross River, ìlú Ekuri Àtijọ́ àti Ekuri Tuntun ní igbó tó fẹ̀ tó hẹ́kítà 33,600. Àwọn ará ìlú fúnra wọn ló ń tọ́jú rẹ̀, débi pé àjọ UNDP fún wọn ní ẹ̀bùn Equator ní ọdún 2004. Ní 2015, ìjọba Gómìnà Ben Ayade ní àwọn fẹ́ la ọ̀nà ńlá kan, nǹkan bíi 260 kìlómítà, láti etí òkun títí dé Katsina-Ala ní Ìpínlẹ̀ Benue.

Ní ọjọ́ 22 oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 2016, ìkéde kan jáde nínú ìwé ìròyìn ìjọba ìpínlẹ̀ náà. Ó ní ìjọba ti gba ẹ̀tọ́ gbogbo ẹni tó ní ilẹ̀ ní ojú ọ̀nà náà, àti ní kìlómítà 10 ní apá ọ̀tún àti kìlómítà 10 ní apá òsì rẹ̀. Ẹ fojú inú wò ó. Tí a bá wọn kìlómítà 10 láti Alápẹ̀rẹ̀ níbí sí apá ìwọ̀ oòrùn, a ó ti kọjá Ìkẹjà dáadáa. Igbó Ekuri wà nínú rẹ̀, àwọn abúlé mìíràn tí kò lóǹkà wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú.

Ó yẹ kí ìkéde yẹn kú sínú ìwé ìròyìn bíi ti ilé wa. Ṣùgbọ́n àwọn kan kà á. Wọ́n kà á síta fún àwọn àgbà, wọ́n gbé e dé ọ̀dọ̀ àwọn agbẹjọ́rò àti àwọn ẹgbẹ́ tó ń jà fún igbó. Ó lé ní 250,000 ènìyàn, nílé lóko, tó fọwọ́ sí ìwé ẹ̀bẹ̀ pé àwọn kò fara mọ́ ọn. Ilé iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tó ń rí sí àyíká dá ìwé àyẹ̀wò ọ̀nà náà padà fún àtúnṣe, ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Nígbà tó di oṣù Èrèlé 2017, ìjọba ìpínlẹ̀ náà yí ìkéde náà padà, kìlómítà 10 sọ́tùn-ún sósì yẹn sì kúrò ńbẹ̀. Kì í ṣe pé wàhálà Ekuri tán síbẹ̀. Àwọn agégi ṣì ń dà wọ́n láàmú. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ tí ìkéde kan ti gbà, kíkà tí wọ́n ka ìkéde náà ló bẹ̀rẹ̀ ìrìn tó dá a padà.

OHUN TÍ ÒFIN WÍ

Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti ọdún 1978 fún gómìnà lágbára láti gba ilẹ̀ nítorí ànfààní gbogbo ìlú. Òfin kan náà, ní abala 28, sọ pé wọ́n gbọ́dọ̀ fi ìwé jíṣẹ́ fún ẹni tó ni ín. Abala 44 ló wá sọ ọ̀nà tí wọ́n lè gbà: kí wọ́n fi lé ọ lọ́wọ́, kí wọ́n fi sílẹ̀ ní ilé tí ò ń gbé tàbí èyí tí wọ́n mọ̀ ọ́ sí kẹ́yìn, tàbí kí wọ́n fi lẹ́tà tí a forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ ránṣẹ́ sí ọ. Tí wọ́n bá wádìí, tí wọn kò mọ orúkọ tàbí àdírẹ́sì onílẹ̀, wọ́n lè kọ "onílẹ̀" sí i, kí wọ́n fún ẹni tí wọ́n bá bá níbẹ̀. Tí wọn kò bá bá ẹnikẹ́ni, kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ibi tó hàn kedere lórí ilẹ̀ náà. Ẹ gbọ́ o: igi obì lè jẹ́ ibi tó hàn kedere. Tí a bá ti lẹ̀ ẹ́ bẹ́ẹ̀, lójú òfin, o ti gbọ́, bí o tilẹ̀ wà ní Alápẹ̀rẹ̀ tí ò ń sùn.

Níbo ni kí a máa wò? Mo kọ márùn-ún sílẹ̀.

Èkíní, ojú ewé ẹ̀yìn ìwé ìròyìn, pàápàá èyí tí ìjọba ìpínlẹ̀ wa nílé ń lò. Ẹ má ka ti bọ́ọ̀lù nìkan bíi tèmi.

Èkejì, pátákó ìkéde ní sẹkitéríàtì ìjọba ìbílẹ̀. Ti Àgbòyí-Kétu wà ní Alápẹ̀rẹ̀ níbí, ẹsẹ̀ la fi ń rìn débẹ̀. Ẹni tó bá lọ sílé ní ọdún Iléyá tàbí Kérésì, kí ó ya pátákó ti ìlú rẹ̀ wò.

Ẹ̀kẹta, ìwé àyẹ̀wò àyíká. Òfin tó wà láti 1992 ní kí iṣẹ́ ńlá tó lè ba àyíká jẹ́ kọ́kọ́ gba àyẹ̀wò. Wọ́n máa ń gbé ìwé náà síta fún ọjọ́ iṣẹ́ 21, ní ilé iṣẹ́ àyíká ti ìjọba àpapọ̀, ti ìpínlẹ̀, àti ní ìjọba ìbílẹ̀ tí ọ̀rọ̀ kàn, wọ́n á sì kéde rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn. Láàárín ọjọ́ 21 yẹn, ẹnikẹ́ni ló lè kà á kí ó sì kọ èrò rẹ̀ ránṣẹ́. Lẹ́yìn rẹ̀, àròyé lásán ni.

Ẹ̀kẹrin, gásẹ́ẹ̀tì fúnra rẹ̀, àti ìkéde ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin nígbà tí wọ́n bá ní kí ará ìlú wá sọ tẹnu wọn lórí òfin igbó tàbí ilẹ̀.

Ẹ̀karùn-ún, tí o bá gbọ́ finrinfinrin tí o kò rí ìwé, béèrè rẹ̀. Òfin Òmìnira Ìròyìn ti ọdún 2011 fún ọ láṣẹ. O kò ní láti sọ ìdí tí o fi fẹ́ ẹ, wọ́n sì gbọ́dọ̀ dá ọ lóhùn láàárín ọjọ́ méje. Tẹ́lẹ̀, àwọn ìpínlẹ̀ kan máa ń jiyàn pé òfin náà kò kàn wọ́n. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ parí iyàn yẹn ní ọdún 2025: ó kan gbogbo wọn.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é níbòmíràn lè là wá lójú. Ní Amẹ́ríkà, àjọ tó ń bójú tó igbó ìjọba àpapọ̀ máa ń sọ tẹ́lẹ̀ orúkọ ìwé ìròyìn tí ìkéde nípa igbó kọ̀ọ̀kan yóò ti jáde. Láti ọjọ́ tí ìkéde bá jáde nínú ìwé ìròyìn yẹn ni wọ́n ti ń ka ọjọ́ fún ẹni tó bá fẹ́ takò ó. Ará abúlé mọ ìwé ìròyìn tí yóò rà. Ohun tí mo rò pé ó yẹ kí àwa náà máa béèrè lọ́wọ́ ìjọba wa nìyí: ẹ sọ ìwé ìròyìn kan fún wa, ẹ kọ ìkéde náà ní Yorùbá pẹ̀lú, ẹ jẹ́ kí aago ọjà ké e.

"OHUN TÍ ÌJỌBA BÁ FẸ́ ṢE, Á ṢE É"

Ẹlòmíràn á ní kí ni kíkà fẹ́ ṣe, ṣebí ohun tí ìjọba bá fẹ́ ṣe, á ṣe é. Ẹ jẹ́ kí n dáhùn láti inú ìtàn Èkó tiwa. Nígbà tí ìjọba òyìnbó gba ilẹ̀ Àpápá, Amodu Tijani, Olóyè Olúwa ti Èkó, jáde wá béèrè ẹ̀tọ́ rẹ̀. Ilé ẹjọ́ níbí ní ẹ̀tọ́ rẹ̀ kò tó nǹkan. Kò sinmi. Òun àti Herbert Macaulay wọkọ̀ ojú omi lọ sí Lọ́ńdọ̀nù ní 1920. Ní 1921, ìgbìmọ̀ tó ga jù lọ níbẹ̀ dá a láre pé ilẹ̀ náà jẹ́ ti àwọn ènìyàn rẹ̀, owó rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ pé. Ìjọba kò dá Àpápá padà, èyí jẹ́ òtítọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tó dìde béèrè gba ohun tó tọ́ sí i, ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Ojú kan la ti ń rí ìyàtọ̀ láàárín Olóyè Olúwa àti Bàbá Oko mi: ọ̀kan mọ̀ nígbà tí ọjọ́ kò tíì kọjá.

OHUN TÍ MO Ń BÉÈRÈ LỌ́WỌ́ ẸGBẸ́

Ààrẹ, ẹ̀yin ọ̀gbà mi, mi ò fẹ́ kí ọ̀rọ̀ yìí parí síbi àtẹ́wọ́. Ohun mẹ́ta ni mo ń béèrè.

Kí a yan ènìyàn méjì ní oṣù mẹ́ta mẹ́ta tí yóò máa ka ìkéde. Kì í ṣe iṣẹ́ tó lágbára; wákàtí kan lọ́sẹ̀ ti tó. Èmi àti ẹnìkan tó bá yọ̀ǹda ara rẹ̀ lónìí ni yóò bẹ̀rẹ̀.

Kí ọmọ ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan kọ orúkọ ìlú rẹ̀ àti igbó ọba tó wà nítòsí rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ Akọ̀wé, kí ẹni tó bá rí ìkéde lè mọ ẹni tí yóò pè. Tí a bá rí ọ̀kan, màá túmọ̀ rẹ̀ sí Yorùbá, màá sọ ọ́ sínú fóònù pẹ̀lú ohùn ara mi, kí a lè fi ránṣẹ́ sí àwọn òbí wa tí kò lè kàwé.

Kí a yọ díẹ̀ sọ́tọ̀ nínú àpò ẹgbẹ́ fún lẹ́tà, fún ẹ̀dà gásẹ́ẹ̀tì àti fún owó ọkọ̀ dé Aláùsá. Tí a bá yọ owó fìlà nìkan kúrò nínú aṣọ ẹbí ọdún tó ń bọ̀, ó tó. Mo rí i pé àwọn kan ti ń wojú mi. Ẹ jọ̀ọ́, fìlà ti pọ̀ nílé wa.

Àwọn tó bí wa rán wa lọ sí ilé ìwé kí ojú wa lè là, kí a lè rí ohun tí àwọn kò rí. Ní ọdún mẹ́wàá tó ń bọ̀, ẹ má jẹ́ kí Bàbá Oko ẹnikẹ́ni nínú wa tún sọ pé, "Ìwọ tí a rán lọ kàwé."

Ẹgbẹ́ wa á dàgbà, á dọ́ba. A ò ní rí omi wọlé, a ò ní rí ogun ilẹ̀. Ọdún mẹ́wàá yìí á di ogún, á di àádọ́ta lójú ayé wa.